Opó tó jẹ́ kí ṣáńpéènì mọ́ gaara: Ìtàn ìyàwó Clicquot, fún àwa tí a ń ṣòwò l'Ábújá



Bí ẹ bá ti lọ òde ìgbéyàwó tàbí òde ìsìnkú àgbà nínú àwọn gbọ̀ngàn ńláńlá ìlú yìí rí, ó ṣeé ṣe kẹ́ ẹ ti rí ìgò kan tí ìwé ara rẹ̀ pọ́n bí ọsàn. Inú yìnyín ni wọ́n máa ń gbé e sí, àwọn ọ̀dọ́ á sì máa fi fóònù ya fọ́tò rẹ̀. Àwòrán ìyá arúgbó kan wà lórí irin róbótó tó bo kọ́ọ̀kì rẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wa ò béèrè ẹni tí ìyá yẹn jẹ́ rí. Orúkọ tí wọ́n kọ sára ìgò náà ni Veuve Clicquot. Lédè Faransé, Opó Clicquot ni ìtumọ̀ rẹ̀. Opó gidi sì ni ìyá náà. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n ló wà tí ọkọ rẹ̀ kú.

Ẹni tí ẹ̀sìn rẹ̀ ò gba ọtí láàyè lè ka ìtàn yìí tọkàn balẹ̀, a ò pe ẹnikẹ́ni wá mutí. Ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ọwọ́ la fẹ́ sọ, àti ìdíje ọjà, àti ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí ìyàwó nígbà tí ọkọ bá kú tí ṣọ́ọ̀bù sì wà nílẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń wá sípàdé ẹgbẹ́ mọ̀ pé ọ̀rọ̀ kẹta yìí kì í tán nílẹ̀ láàárín wa.

Ọmọ oníṣòwò aṣọ

Barbe-Nicole Ponsardin ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́. Ọjọ́ 16 oṣù Kejìlá ọdún 1777 ni wọ́n bí i ní Reims, ìlú kan ní agbègbè Champagne nílẹ̀ Faransé. Orúkọ agbègbè yẹn ni wọ́n fi ń pe ọtí náà, bí àwa náà ṣe ń sọ pé gàrí Ìjẹ̀bú. Bàbá rẹ̀ rí jájẹ dáadáa nínú òwò aṣọ. Nígbà tó yá, bàbá náà di olórí ìlú Reims, Napoleon sì fi í joyè. Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni Barbe-Nicole nígbà tí àwọn ará ilẹ̀ Faransé dìde sí ọba wọn ní 1789. Ó tètè rí i pé ayé lè yí padà lọ́jọ́ kan ṣoṣo, pé olówó àná lè di ẹni tó ń sá kiri lónìí.

Ní 1798, ó fẹ́ François Clicquot. Philippe, bàbá François, ń ta aṣọ, ó sì tún ń ṣe iṣẹ́ bánkì. Láti 1772 ló ti ń ta wáìnì díẹ̀díẹ̀ mọ́ ọn, bí ẹni tó ń ta símẹ́ǹtì tó tún kó ìṣó sí ẹ̀gbẹ́ kan. Wáìnì tí bàbá fi ṣe àfikún yìí gan-an ni ọmọ wá gbájú mọ́. François rìnrìn àjò lọ sí Switzerland àti Jámánì láti wá oníbàárà. Ìyàwó rẹ̀ ò sì jókòó sílé kó máa wò ó. Àwọn méjèèjì ò mọ iṣẹ́ náà dáadáa níbẹ̀rẹ̀, wọ́n jọ ń kọ́ ọ ni. Wọ́n ń lọ sí ọgbà àjàrà, wọ́n ń tọ́ wáìnì wò, wọ́n ń bá àwọn tó mọ̀ ọ́n sọ̀rọ̀. Ní 1799 wọ́n bí ọmọbìnrin kan, wọ́n sọ ọ́ ní Clémentine. Òun nìkan ni ọmọ tí wọ́n bí.

Ní oṣù Kẹwàá 1805, ibà dá François dùbúlẹ̀. Kò pẹ́ rárá tó fi kú.

Àṣẹ tó tọwọ́ bàbá ọkọ wá

Ìbànújẹ́ bo Philippe. Ọmọkùnrin kan ṣoṣo tó ní ló bá ikú lọ yẹn. Àgbàlagbà ni òun náà, ọkàn rẹ̀ ò sì gbé òwò wáìnì mọ́. Ó pinnu láti ti ilé-iṣẹ́ náà pa, kó gba gbèsè tó wà níta, kí kálukú máa lọ.

Òfin ilẹ̀ Faransé nígbà náà le fún obìnrin. Ìyàwó tí ọkọ rẹ̀ wà láàyè kò lè dá tọwọ́ bọ̀wé òwò láìgba àṣẹ ọkọ. Àmọ́ opó lè ní ohun ìní tirẹ̀, ó sì lè fi orúkọ ara rẹ̀ ṣòwò. Ọ̀nà kékeré tó ṣí sílẹ̀ nìyẹn, Barbe-Nicole sì rí i. Ó lọ bá bàbá ọkọ rẹ̀, ó bẹ̀ ẹ́ pé kó má ti ilé-iṣẹ́ náà, kó jẹ́ kóun máa bá a lọ.

Philippe gbà, ó sì fi owó ti ọ̀rọ̀ náà lẹ́yìn. Àmọ́ kò kàn fà á lé e lọ́wọ́ bẹ́ẹ̀. Ó ní kó kọ́ṣẹ́ ná. Wọ́n so ó pọ̀ mọ́ oníṣòwò wáìnì kan tó dàgbà nínú iṣẹ́ náà, Alexandre Fourneaux, kí wọ́n jọ ṣe é fún ọdún mẹ́rin. Ọmọ olówó tó lè padà sílé bàbá rẹ̀ kó máa jẹ ẹ̀kọ́ gbígbóná wá di ẹni tó ń sọ̀ kalẹ̀ sínú àjà ilẹ̀ tútù láàárọ̀ kùtùkùtù, tó ń ka ìgò, tó ń kọ lẹ́tà sí oníbàárà títí alẹ́ fi ń lẹ́.

Ọdún mẹ́rin yẹn ò dáa fọ́jà rárá. Ogun Napoleon gba gbogbo Yúróòpù kan, àwọn Gẹ̀ẹ́sì sì ń dínà ọkọ̀ ojú omi. Àwọn ẹrù rẹ̀ kan há sí Amsterdam títí wáìnì inú wọn fi bàjẹ́. Nígbà tí àdéhùn ọdún mẹ́rin pé ní 1810, Fourneaux bá tirẹ̀ lọ. Barbe-Nicole ò bá a lọ. Ọdún yẹn ló fi orúkọ tirẹ̀ lé ilé-iṣẹ́ náà lórí: Veuve Clicquot-Ponsardin. Ó fi ipò opó rẹ̀ ṣe orúkọ òwò, kí gbogbo ayé lè mọ ẹni tí wọ́n ń bá rajà.

Ta ló máa kọ́kọ́ dé Rọ́ṣíà?

Ẹ ò lè mọ bí iṣẹ́ náà ṣe le tó bí ẹ ò bá mọ ẹni tó ń bá a díje. Ní Épernay, ìlú tí kò jìnnà sí Reims, Jean-Rémy Moët ń ṣe ṣáńpéènì tirẹ̀. Orúkọ ìdílé yẹn náà ò ṣàjèjì lóde àríyá wa lónìí. Moët lówó, ó sì tún ní ohun tó ju owó lọ: ọ̀rẹ́ Napoleon ni. Napoleon fúnra rẹ̀ máa ń yà sílé rẹ̀. Àwa tí a ń ṣòwò nílùú tí ìjọba fìdí kalẹ̀ sí mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí. Ẹni tó bá lẹ́nìyàn lókè, ọjà rẹ̀ á máa yá ju tẹni tí ò lẹ́nìyàn lọ.

Opó Clicquot ò lẹ́nìyàn lókè tó bẹ́ẹ̀. Ohun tó ní ni aṣojú kan tó ṣeé fọkàn tán, Louis Bohne, ọmọ Jámánì. Bohne ti rin Rọ́ṣíà já, ó mọ̀ pé àwọn ọlọ́rọ̀ ibẹ̀ fẹ́ràn ṣáńpéènì tó dùn bí oyin. Ní 1811, ìràwọ̀ oníìrù kan hàn lójú ọ̀run, ìkórè àjàrà ọdún náà sì dára gan-an. Opó tọ́jú wáìnì ọdún yẹn sínú àjà ilẹ̀, ó ń dúró de àsìkò. Inú ogun ṣì ni wọ́n wà, Rọ́ṣíà ò sì jẹ́ kí wáìnì Faransé inú ìgò wọ ìlú òun.

Nígbà tó di ìbẹ̀rẹ̀ 1814, àwọn ọmọ ogun Rọ́ṣíà wọ Reims fúnra wọn. Wọ́n mu wáìnì ìlú náà bó ṣe wù wọ́n. Àwọn kan sunkún owó wọn, ṣùgbọ́n wọ́n ní Opó Clicquot wò ó pé ẹni tó bá mu ún tó gbádùn mọ́ ọn á béèrè rẹ̀ tó bá padà délé. Napoleon gbé ìjọba sílẹ̀ ní oṣù Kẹrin. Kí wọ́n tó parí ọ̀rọ̀ àlàáfíà dáadáa, kí Rọ́ṣíà tó ṣílẹ̀kùn, opó ti bá ọ̀gá ọkọ̀ ojú omi kan dọ́gbọ́n. Ní oṣù Kẹfà, ó kó ìgò tó ju 10,000 lọ ránṣẹ́ láti Le Havre sí Königsberg, pẹ̀lú Bohne nínú ọkọ̀. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni nínú àwọn tó ń bá a díje. Ká ní ìgò wọ̀nyẹn bàjẹ́ lójú omi, tàbí ká ní Rọ́ṣíà kọ̀ wọ́n, ilé-iṣẹ́ náà ì bá ti wó pátápátá.

Ẹrù náà dé láyọ̀. Àwọn oníbàárà ń jà dù ú ní èbúté. Kíá ni ó fi ọkọ̀ kejì ránṣẹ́ sí St. Petersburg. Ọ̀sẹ̀ mélòó kan lẹ́yìn náà kí Moët àti àwọn yòókù tó dé, orúkọ tó ti wà lẹ́nu àwọn ará Rọ́ṣíà ni Clicquot.

Tábìlì oníhò

Ẹ̀yin ará ilé, kéèyàn kọ́kọ́ dé ọjà dára. Àmọ́ ẹni tó kọ́kọ́ dé lónìí, wọ́n lè yá a sílẹ̀ lọ́la. Ohun tó jẹ́ kí orúkọ obìnrin yìí dúró títí dòní ni ohun tó ṣe lẹ́yìn tó ti borí.

Ẹ jẹ́ ká fi ẹmu ṣàlàyé. Gbogbo wa la mọ̀ pé ẹmu tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ délẹ̀ máa ń hó, ó sì máa ń ní gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ nísàlẹ̀ kèrègbè. Ẹni tó mọ ẹmu í dà kì í mi kèrègbè, á rọra tẹ̀ ẹ́ ni. Bẹ́ẹ̀ náà ni ṣáńpéènì. Inú ìgò tí wọ́n ti dí pa ni ó ti ń hó. Ìwúkàrà á jẹ ṣúgà inú wáìnì, afẹ́fẹ́ á jáde, kò ní ríbi gbà lọ, á wá wọnú wáìnì náà. Ìdí rẹ̀ nìyẹn tó fi máa ń dún gbàmù tí wọ́n bá ṣí i. Láyé ìgbà náà, ọ̀pọ̀ ìgò ló ń fọ́ fúnra wọn nínú àjà ilẹ̀. Èyí tí kò bá fọ́, ìwúkàrà tó ti kú á di gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ nínú rẹ̀, wáìnì á wá rí dúdúdúdú. Olówó tó ra ọtí olówó iyebíye kò sì fẹ́ mu gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀.

Ohun tí àwọn oníṣẹ́ ń ṣe ni pé wọ́n á dà á láti inú ìgò kan sínú òmíràn. Ìyẹn ń gba àkókò, ó ń fi wáìnì ṣòfò, afẹ́fẹ́ tó ń jẹ́ kó hó sì ń bá a lọ. Bí àwọn oníbàárà ṣe ń pọ̀ sí i láti Rọ́ṣíà, iṣẹ́ náà ò yá tó mọ́. Bí gbogbo àwọn tó ń díje ṣe ń ṣe é ni opó náà ṣe ń ṣe é, ìyà kan náà ló sì ń jẹ gbogbo wọn.

Ní 1816, ó rí ojútùú rẹ̀. Ìtàn ní tábìlì ilé ìdáná rẹ̀ ló ní kí wọ́n gbé sọ̀ kalẹ̀. Wọ́n lu ihò sí i, wọ́n sì ti ọrùn ìgò bọ ihò kọ̀ọ̀kan, ìdí ìgò lókè, ẹnu nísàlẹ̀. Lójoojúmọ́, òṣìṣẹ́ á fọwọ́ yí ìgò kọ̀ọ̀kan díẹ̀, á mì í pẹ́ẹ́, á dá a padà. Bó ṣe ń yí i fún ọ̀sẹ̀ bíi mẹ́fà sí mẹ́jọ, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ á máa yọ̀ bọ̀ díẹ̀díẹ̀ títí gbogbo rẹ̀ fi máa kóra jọ sórí kọ́ọ̀kì. Wọ́n á wá ṣí i lẹ́ẹ̀kan, ìdọ̀tí á fò jáde, wọ́n á fi wáìnì dídùn díẹ̀ dí àlàfo rẹ̀, wọ́n á tún un dí. Ohun tó kù á mọ́ gaara bí omi ìsun. Antoine Müller, ọ̀gá àjà ilẹ̀ rẹ̀, ló bá a tún iṣẹ́ náà ṣe tó fi gún régé. Ẹni tó bá rọra pa eèrà á rí ìfun rẹ̀, bẹ́ẹ̀ làwọn àgbà wa sọ.

Àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ pa àṣírí yìí mọ́ fún ọdún púpọ̀. Àwọn tó ń bá a díje ń rí wáìnì tó mọ́ lójú ọjà, wọn ò mọ bó ṣe ń ṣe é. Nígbà tí wọ́n mọ̀ ọ́n níkẹyìn, gbogbo agbègbè Champagne gbà á lò. Ní ọdún 1818 ó tún fi wáìnì pupa díẹ̀ po funfun, ó sì mú ṣáńpéènì tó pọ́n fẹ́ẹ́ jáde. Lónìí ẹ̀rọ ló ń yí ọ̀pọ̀ ìgò ṣáńpéènì, ó sì ń parí iṣẹ́ náà láàárín ọjọ́ díẹ̀. Ọgbọ́n tábìlì oníhò yẹn náà ṣì ni ẹ̀rọ ọ̀hún ń lò.

Àṣìṣe rẹ̀, àti ẹni tó fi iṣẹ́ lé lọ́wọ́

A ò ní sọ pé gbogbo ohun tó dáwọ́ lé ló yọrí sí rere. Nígbà tí owó pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, ó dá bánkì sílẹ̀, iṣẹ́ tí kì í ṣe iṣẹ́ rẹ̀. Ní 1828, bánkì kan ní Paris tí owó rẹ̀ wà lọ́wọ́ wọn dẹnu kọlẹ̀, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ fa ilé-iṣẹ́ wáìnì náà lọ. Edouard Werlé, ọ̀dọ́mọkùnrin ará Jámánì tó ti ń ṣiṣẹ́ lábẹ́ rẹ̀, ló fi ohun ìní ara rẹ̀ dúró kí ilé-iṣẹ́ má bàa wó. Opó padà sórí wáìnì, ó pa bánkì tì. Ní 1831 ó sọ Werlé di alábàáṣiṣẹ́pọ̀.

Nígbà tó fẹ́ sinmi ní 1841, ó yẹ ká kíyè sí ẹni tó fi iṣẹ́ náà lé lọ́wọ́. Clémentine ti lọ́kọ, ó fẹ́ ọlọ́lá kan tó mọ owó ná. Opó ń tọ́jú wọn, ó ń sanwó fún wọn, àmọ́ kò gbà kí àna rẹ̀ sún mọ́ àjà ilẹ̀. Werlé tó mọ iṣẹ́ ló fà á lé lọ́wọ́. Ó rántí bí òun náà ṣe rí i gbà: iṣẹ́ ni wọ́n kọ́kọ́ ní kó kọ́.

Clémentine kú ní 1863, ìyá fi ojú ara rẹ̀ rí ikú ọmọ kan ṣoṣo tó bí. Ní ọjọ́ 29 oṣù Keje 1866, òun náà papò dà nínú ilé ńlá tó kọ́ sí Boursault. Ọmọ ọdún méjìdínláàádọ́rùn-ún ni. Ó fi ohun tó lé ní ọgọ́ta ọdún ṣe opó, kò fẹ́ ọkọ mìíràn. Kó tó kú, opó mìíràn ní Reims, Louise Pommery, ti gba ilé-iṣẹ́ wáìnì ọkọ tirẹ̀ lọ́wọ́, ó sì sọ ọ́ di ńlá. Ọ̀nà ti là.

Ní 2010, àwọn òmùwẹ̀ rí ọkọ̀ kan tó ti rì sínú òkun Baltic lẹ́bàá Finland ní nǹkan bí àádọ́sàn-án ọdún sẹ́yìn. Ìgò ṣáńpéènì méjìdínláàádọ́sàn-án ló wà nínú rẹ̀, ti Clicquot sì wà lára wọn. Wọ́n tọ́ ọ wò, ó ṣì ṣeé mu.

Ohun tó kàn wá l'Ábújá

Ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́ fún ara wa. Láàárín àwa tí a kúrò nílé, ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀bù ni tọkọtaya jọ ń ṣe. Ìyàwó mọ oníbàárà, ó mọ ẹni tó jẹ gbèsè, ó mọ ibi tí ọjà ti ń wá. Ọkọ á wá kú lójijì. Kí wọ́n tó ṣe ọjọ́ ogójì, ará ilé á ti wọ mọ́tò dé láti ilé, wọ́n á fi àgádágodo tuntun ti ṣọ́ọ̀bù pa. Nínú àṣà wa, ọmọ ló ń jogún bàbá, ìyàwó kì í jogún ọkọ. Nígbà tí oko ni ogún, a lè yé ara wa. Àmọ́ òwò yàtọ̀ sí oko. Tí wọ́n bá ti òwò mọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n níta, kí oṣù mẹ́fà tó pé, ohun tí wọ́n máa jogún kò ní ju pákó ṣẹ́ẹ̀fù lọ. Àwọn ọmọ tí wọ́n ní àwọn ń jà fún náà ni ebi máa pa.

Kí ẹni tó ń ṣe bẹ́ẹ̀ mọ̀ pé òfin ò sí lẹ́yìn rẹ̀. Òfin tó lòdì sí ìwà ipá sí ènìyàn, tí wọ́n ń pè ní VAPP, tí Ààrẹ Goodluck Jonathan fọwọ́ sí ní 2015, ń ṣiṣẹ́ ní gbogbo Àbújá. Ó ka fífi àṣà jẹ opó níyà sí ẹ̀ṣẹ̀ tó lè gbé èèyàn dé ẹ̀wọ̀n, ó sì ka fífi ogún du ènìyàn mọ́ àṣà burúkú. Ní 2014, ilé-ẹjọ́ tó ga jùlọ nílẹ̀ wa dájọ́ lórí ọ̀ràn kan láti Awka, ó ní àṣà tó ń lé opó jáde nílé ọkọ rẹ̀ nítorí pé kò bí ọmọkùnrin kò bójú mu rárá.

Àmọ́ kó tó dọ̀rọ̀ kóòtù, ẹ̀yin ọkọ, ẹ kọ ìwé ìhágún yín nígbà tí ara yín dá. Bí ẹ bá ń forúkọ òwò sílẹ̀ lọ́dọ̀ CAC, ẹ fi orúkọ ìyàwó tó ń bá yín ṣe é sí i. Ẹ jẹ́ kó mọ ìwé owó. Ẹ̀yin ìyàwó, ẹ má kàn jókòó ti káńtà, ẹ kọ́ iṣẹ́ náà dé gbòǹgbò, nítorí ohun tí Philippe Clicquot rí lára ìyàwó ọmọ rẹ̀ tó fi gbà ni pé ó fẹ́ kọ́ ọ. Ẹ̀yin àgbà ẹgbẹ́, tí ọmọ ẹgbẹ́ wa kan bá kú, kẹ́ ẹ tó pín ankara òde ìsìnkú, ẹ rán ènìyàn méjì lọ síwájú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, kí wọ́n rí i pé ẹni tó ń ṣí i láàárọ̀ náà ló ṣì ń ṣí i.

Bàbá arúgbó kan ní Reims, tí ọ̀fọ̀ ọmọ rẹ̀ ṣì gbóná lára rẹ̀, fi kọ́kọ́rọ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ ìyàwó ọmọ rẹ̀. Ohun tó jáde látinú rẹ̀ la ń rí nínú yìnyín lóde àríyá wa títí dòní.

Kí Olódùmarè má jẹ́ ká rí ikú òjijì. Kó sì jẹ́ kí òwò wa pẹ́ jù wá lọ. Ire o.